KÒ ṢEKU, KÒ ṢẸYẸ: ỌKỌ̀ ABÀMÌ TÓ FÒ LÓRÍ ÒKUN CASPIAN

Kò sẹ́ni tí kò mọ àdán. Àdán ní eyín bí eku, ó sì ní apá bí ẹyẹ. Eku ní kì í ṣe ara àwọn. Ẹyẹ náà ní àwọn ò mọ̀ ọ́n rí. Níbi tí wọ́n bá ti ń pín nǹkan, ta ni yóò rántí pe àdán?

Ọ̀rọ̀ ọ̀sẹ̀ yìí dá lórí ọkọ̀ kan tó dà bí àdán gẹ́lẹ́. Àwọn ará Rọ́ṣíà ló kàn án, nígbà tí orílẹ̀-èdè wọn ṣì ń jẹ́ Soviet. Ó ní apá bíi ti bàálù, ó ní ìdí bíi ti ọkọ̀ ojú omi. Ó wúwo ju gbogbo bàálù tó wà láyé nígbà náà lọ, síbẹ̀ kò sí ọkọ̀ ogun ojú omi tó lè sá tẹ̀ lé e. Ẹni tó kàn án fi gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀ ṣe é, ẹnu iṣẹ́ náà ló sì ti fara pa kó tó kú. Kí ló wá dé tí irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ ò fi gbilẹ̀? Ẹ fara balẹ̀, ẹ gbọ́.

OHUN TÍ AMÍ AMẸ́RÍKÀ RÍ

Ní àwọn ọdún 1960, ojú ọ̀tá ni Amẹ́ríkà àti Soviet fi ń wo ara wọn. Wọn ò bá ara wọn jagun ní gbangba, ṣùgbọ́n oníkálùkù ń yọjú wo ẹ̀yìnkùlé ẹnì kejì. Amẹ́ríkà ti rán sátẹ́láìtì lọ sójú ọ̀run, iṣẹ́ tirẹ̀ kò ju kó máa ya fọ́tò ilẹ̀ Soviet lọ.

Ìgbà tí wọ́n tú fọ́tò wò, wọ́n rí ohun kan tó kọjá òye wọn létí òkun Caspian. Caspian yìí, omi ńlá tí ilẹ̀ yí po ni, Rọ́ṣíà wà lápá kan, Iran wà lápá kejì. Ohun tí wọ́n rí náà gùn tó mítà 92. Díẹ̀ báyìí ni pápá bọ́ọ̀lù fi gùn jù ú lọ. Ó ní apá, ṣùgbọ́n apá náà kúrú. Láti ṣóńṣó apá kan dé ìkejì kò pé mítà 38. Wọ́n ka ẹ́ńjìnnì ara rẹ̀, mẹ́wàá ló pé! Irú bàálù wo ni èyí? Apá kúkúrú yìí ha lè gbé irú ara bẹ́ẹ̀ dé sánmà?

Lẹ́tà méjì ló wà lára rẹ̀: KM. Àwọn amí náà wá túmọ̀ rẹ̀ bó ṣe wù wọ́n, wọ́n ní Abàmì Caspian ni K àti M dúró fún ní èdè Òyìnbó. Orúkọ náà mọ́ ọn lórí títí dòní. Bẹ́ẹ̀, ohun tí àwọn tó ni í ní lọ́kàn kò ju "ọkọ̀ àfidánwò" lọ. Ẹ ò rí i bí ìbẹ̀rù ṣe ń sọ ológbò di ẹkùn!

ẸNI TÓ BÁ OMI JÀ

Orúkọ ẹni tó ṣe ọkọ̀ náà ni Rostislav Alekseyev. Ọdún 1916 ni wọ́n bí i. Ìlú Gorky létí odò Volga, tó ti padà sí orúkọ rẹ̀ àtijọ́, Nizhny Novgorod, ló ti ṣiṣẹ́.

Ìbéèrè kan ṣoṣo ló ń dà á láàmú: kí ló dé tí ọkọ̀ ojú omi kì í lè sáré? Ẹnikẹ́ni tó bá ti wa ọkọ̀ ọlọ́pọ́n rí mọ ìdáhùn rẹ̀. Omi ló ń dì í mú. Omi ki ju afẹ́fẹ́ lọ ní nǹkan bí ìlọ́po 800. Bí ẹ́ńjìnnì bá ṣe ń tì í tó, bẹ́ẹ̀ ni omi ń fà á sẹ́yìn tó.

Alekseyev bá dá ọgbọ́n kan. Ó so apá pẹlẹbẹ mọ́ ìsàlẹ̀ ọkọ̀, nínú omi. Tí ọkọ̀ bá ti ń sáré, apá náà á gbé ara ọkọ̀ sókè kúrò nínú omi, á wá ku apá tẹ́ẹ́rẹ́ yẹn nìkan nísàlẹ̀. Ọdún 1957 ni èyí tó pè ní Raketa jáde, ó gbé èrò láti Gorky lọ sí Kazan, nǹkan bíi kìlómítà 420, láàárín wákàtí méje. Àwọn ọkọ̀ tó kù á fẹ́rẹ̀ẹ́ lo ju ọjọ́ kan lọ lójú ọ̀nà kan náà. Ariwo sọ káàkiri Soviet. Ní 1962 wọ́n fún un ní Ẹ̀bùn Lenin, tí í ṣe ọ̀kan lára èyí tó ga jù ní ilẹ̀ wọn.

Ẹlòmíràn ì bá jókòó jẹ orúkọ yẹn títí dọjọ́ alẹ́. Alekseyev ò jókòó. Ó ti rí i pé ibì kan wà tí apá inú omi ò lè kọjá. Tí eré bá ti tó bíi 100 kìlómítà ní wákàtí kan, omi tó wà lórí apá náà á bẹ̀rẹ̀ sí í hó bí omi ẹ̀kọ, láìsí iná nídìí rẹ̀. Ìfófòó náà ń jẹ irin, ó sì ń gba agbára lọ́wọ́ apá. Ó wá sọ fún ara rẹ̀ pé, tí omi bá kọ̀, ẹ jẹ́ ká yọ apá náà kúrò nínú omi pátápátá, ká gbé e sínú afẹ́fẹ́, ṣùgbọ́n kó má jìnnà sí omi.

TÌMÙTÌMÙ TÍ OJÚ Ò RÍ

Ibí yìí gan-an ni àṣírí wà, kò sì le rárá. Ẹ mú bébà líle kan. Ẹ wá ilẹ̀ sìmẹ́ńtì tó dán, ẹ bẹ̀rẹ̀, kí ẹ sì jù ú síwájú ní pẹlẹbẹ, kó fẹ́rẹ̀ẹ́ kan ilẹ̀. Ẹ ó rí i pé kò ní já lulẹ̀ lẹ́sẹ̀ kan náà. Á máa yọ̀ lọ bí ẹni pé ẹnì kan gbé e dání. Afẹ́fẹ́ tó há sáàárín bébà àti ilẹ̀ ló gbé e. Ó ti di tìmùtìmù fún un.

Apá bàálù náà ń ṣe bẹ́ẹ̀. Tí bàálù bá ń lọ, afẹ́fẹ́ abẹ́ apá máa ń ti apá sókè. Ṣùgbọ́n lókè sánmà, afẹ́fẹ́ yẹn ń jò. Ó ń sá jáde níbi ṣóńṣó apá, á yí po bí ìjì kékeré, á gba òkè lọ. Gbogbo èyí tó jò yẹn, epo ló bá a lọ. Ó dà bí ẹni tó ń pọn omi sínú agbada tó lu.

Ìgbà tí apá bá sún mọ́ ojú omi, ọ̀rọ̀ yí padà. Omi ti di ilẹ̀ sìmẹ́ńtì. Afẹ́fẹ́ ò rí àyè yí po mọ́, ó há mọ́ abẹ́ apá, ó sì ń ti apá sókè gidigidi. Ìdí nìyẹn tí ọkọ̀ náà fi lè gbé ẹrù tó pọ̀ pẹ̀lú apá kúkúrú. Bí ó bá ṣe sún mọ́ omi tó, bẹ́ẹ̀ ni tìmùtìmù náà ń le sí i. Tó bá wá fò ga ju nǹkan bí ìdajì ìgùn apá rẹ̀ lọ, kò fi bẹ́ẹ̀ sí tìmùtìmù mọ́.

Ẹ̀yin tí ẹ ń gbé létí òkun ti rí àwọn ẹyẹ ńlá tó máa ń fò fẹ́rẹ́fẹ́rẹ́ lójú omi láìju apá. Ohun kan náà ni wọ́n ń lò. Kò sẹ́ni tó kọ́ wọn níléèwé. Àwọn ará Rọ́ṣíà pe irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ ní ekranoplan.

WỌ́N FI ÒRU GBÉ E JÁDE

Oṣù kẹfà ọdún 1966 ni wọ́n gbé KM sójú omi ní Gorky. Àṣírí ìjọba ni. Wọ́n yọ apá rẹ̀, wọ́n fi nǹkan bò ó, wọ́n sì ń fi òru wọ́ ọ lọ lójú odò Volga títí tó fi dé Kaspiysk létí òkun Caspian.

Oṣù kẹwàá ọdún náà ló kọ́kọ́ fò. Ẹ gbọ́ o! Alekseyev fúnra rẹ̀ jókòó sídìí ìwakọ̀, òun àti awakọ̀ kan tó ń jẹ́ Vladimir Loginov. Ní Soviet nígbà náà, ẹni tó ya àwòrán bàálù kì í sáàbà wà á. Ṣùgbọ́n ọkùnrin yìí ò lè sọ fún ọmọ ẹlòmíràn pé kó lọ dán ohun tí òun alára ò tíì jókòó sí wò. Ẹ̀yin kápẹ́ńtà, ṣebí ẹni tó kan àga ló yẹ kó kọ́kọ́ jókòó lé e?

Ìwọ̀n ọkọ̀ náà pẹ̀lú ẹrù tó 544 tọ́ọ̀nù. Ká ní tírélà kọ̀ọ̀kan wúwo tó 30 tọ́ọ̀nù, tírélà méjìdínlógún nìyẹn! Gbogbo ìyẹn ló ń sá lórí afẹ́fẹ́ lásán, ní gíga bíi mítà 4 sí 14 lókè omi, ó sì ń sá tó 430 kìlómítà ní wákàtí kan. Kò tíì sí bàálù tó wúwo tó o títí di 1988.

Ẹ̀yin alágbẹ̀dẹ ló máa kọ́kọ́ lóye bó ṣe ń gbéra. Ẹ́ńjìnnì mẹ́jọ wà níwájú, méjì wà lẹ́bàá ìrù. Nígbà tó bá fẹ́ kúrò lójú omi, mẹ́jọ iwájú yẹn á dojú afẹ́fẹ́ gbígbóná kọ abẹ́ apá, gẹ́gẹ́ bí ẹwìrì ṣe ń fẹ́ iná. Tìmùtìmù á ti wà nílẹ̀ kí eré tó pọ̀. Tó bá ti gbéra tán, wọ́n á dín agbára ẹ́ńjìnnì iwájú kù, méjì ẹ̀yìn á máa gbé e lọ.

Àwọn ológun rí àǹfààní níbẹ̀. Ọkọ̀ náà lọ sílẹ̀ débi pé rédà ọ̀tá ò ní tètè rí i. Bọ́ǹbù tí wọ́n rì sínú omi kò sì lè ṣe é ní nǹkan, nítorí pé kò sí nínú omi.

ÀLÉÉBÙ RẸ̀ ŃKỌ́?

Kò sí ọjà tí kò ní àléébù, ẹ ò sì ní fẹ́ kí wọ́n bo èyí mọ́ yín lójú. Àkọ́kọ́, omi kì í fẹ́ fi nǹkan sílẹ̀. Láti já kúrò lójú omi ń gba agbára tó pọ̀ ju èyí tó ń lò lójú ọ̀nà lọ. Ìdí nìyẹn tó fi ru ẹ́ńjìnnì mẹ́jọ tí kò wúlò tó bẹ́ẹ̀ mọ́ lẹ́yìn ìṣẹ́jú díẹ̀. Ẹ ronú wò ó: bí ẹni tó gba alábàárù mẹ́jọ kí wọ́n lè gbé ẹrù lé e lórí, tó wá ń kó gbogbo wọn lọ sọ́jà tó sì ń bọ́ wọn.

Èkejì ni ìgbì. Caspian náà máa ń ru, òkun gidi wá ńkọ́? Ní eré 400 kìlómítà, ìgbì omi le bí ògiri. Ẹ̀kẹta, kò lè yà bó ṣe wù ú. Bàálù máa ń dẹ apá kan sílẹ̀ kó tó yà. Èyí ò gbọdọ̀ dẹ apá púpọ̀, kí apá má bàa họ omi. Àyíká ńlá ló gbọ́dọ̀ rìn kó tó lè yí padà. Ẹ̀kẹrin, tí imú rẹ̀ bá gbé sókè jù, tìmùtìmù á yẹ̀ kúrò níbi tó yẹ kó wà, ọkọ̀ lè ṣí ayà sókè kó sì ṣubú sẹ́yìn. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi gbé ìrù ńlá sókè réré sí i.

ÌRÙ GÉ, Ó GBÉ E DÉLÉ

Lẹ́yìn KM, Alekseyev ṣe èyí tó kéré sí i, tó lè kó ọmọ ogun bí 150 àti ọkọ̀ ogun. Orlyonok ni wọ́n pè é, ìyẹn ọmọ ẹyẹ idì. Ní àárín àwọn ọdún 1970, wọ́n ń dán an wò lórí Caspian, Alekseyev náà wà nínú rẹ̀. Ọkọ̀ náà kọ lu ìgbì. Ẹ̀yìn rẹ̀ gé já, tìrùtìrù, pẹ̀lú ẹ́ńjìnnì ńlá tó wà lórí rẹ̀!

Àyà gbogbo àwọn tó wà nínú ọkọ̀ já. Alekseyev gba ìdí ìwakọ̀. Ó tẹ ẹ́ńjìnnì iwájú dé góńgó, kí omi má lè ráyè wọ inú ihò tó ṣí sílẹ̀ lẹ́yìn. Ọkọ̀ tí kò ní ìrù ló fi sáré lójú omi títí tó fi kó èèyàn rẹ̀ gúnlẹ̀ sí bùba.

Ẹ̀yin náà á ti máa retí pé wọ́n á fi oyè dá a lọ́lá. Rárá o! Wọ́n ní ọkọ̀ ìjọba bàjẹ́, ẹnì kan gbọ́dọ̀ jẹ̀bi. Wọ́n yọ ọ́ nípò olórí, wọ́n rẹ ipò rẹ̀ wálẹ̀. Ẹni tó dá ṣọ́ọ̀bù sílẹ̀ wá di ẹni tó ń gba àṣẹ nínú rẹ̀. Ọ̀gá oníṣẹ́ tí wọ́n bá ti fi irú rẹ̀ jẹ mọ bó ṣe ń ta ni lára.

Síbẹ̀ kò fiṣẹ́ sílẹ̀. Ní oṣù kìíní 1980, ó wà níbi tí wọ́n ti ń dán àwòṣe ekranoplan kékeré kan tí yóò máa gbé èrò wò. Òun náà ki ọwọ́ bọ̀ ọ́ láti bá wọn gbé e, ibẹ̀ ló ti fara pa nínú. Ní 9 oṣù kejì ọdún náà, ó kú. Ẹni ọdún 63 ni.

Àfi bí ẹni pé ọkọ̀ náà gbọ́. Ní oṣù kejìlá 1980 kan náà, awakọ̀ KM ṣe àṣìṣe, Abàmì Caspian já lu omi. Kò sẹ́ni tó kú. Ṣùgbọ́n ọkọ̀ náà wúwo ju ohun tí wọ́n lè fà jáde lọ, wọ́n fi í sílẹ̀ fún omi.

TA NI BÀBÁ ÀDÁN?

Wọ́n ṣì ṣe ọ̀kan tó tún le. Lun lorúkọ rẹ̀, ó wọṣẹ́ ní ìparí àwọn ọdún 1980. Ẹ́ńjìnnì mẹ́jọ ló ní, ó gùn ju mítà 73 lọ, ó sì ru rọ́kẹ́ẹ̀tì ogun mẹ́fà sẹ́yìn. Kò yìn ín lu ọ̀tá kankan rí.

Ní 7 oṣù kẹrin 1989, ọkọ̀ abẹ́ omi Soviet kan, Komsomolets, gbiná ó sì rì sínú òkun Norway. Èèyàn 42 kú, òtútù omi ló pa púpọ̀ nínú wọn níbi tí wọ́n ti ń retí ìrànlọ́wọ́. Ọkọ̀ ojú omi tó lè gbé wọn jìnnà. Bàálù dé, ṣùgbọ́n kò lè bà lójú òkun. Ìgbà yẹn ni ojú là! Ohun tó lè sáré bíi bàálù, tó sì lè bà lójú omi bíi ọkọ̀, ṣebí òun gan-an ni wọ́n nílò? Wọ́n ní kí wọ́n sọ Lun kejì, tí wọ́n ń kàn lọ́wọ́, di ti adóòlà ẹ̀mí. Wọ́n pè é ní Spasatel. Ìyẹn ṣì wà lórí ìdúró nígbà tí Soviet fọ́ ní 1991, tí owó sì tán. Wọn ò parí rẹ̀.

Ṣé owó nìkan ló pa iṣẹ́ náà? Owó wà ńbẹ̀, àléébù tí ẹ kà lókè náà wà ńbẹ̀. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ àdán wà ńbẹ̀ pẹ̀lú. Ilé iṣẹ́ ìkanọkọ̀ ló bí i, bẹ́ẹ̀ bàálù ló jọ. Àwọn ọmọ ogun ojú omi ní ohun tó ń fò kì í ṣe tàwọn. Àwọn ọmọ ogun òfurufú ní ohun tí kò lè fò ga kì í ṣe bàálù. Dmitry Ustinov, mínísítà ètò ààbò, ló ń dáàbò bò ó. Ìgbà tí Ustinov kú ní oṣù kejìlá 1984, ọmọ di aláìníbàbá. Ẹni tó bá fi ẹ̀yìn ti igi kan ṣoṣo, ọjọ́ tí igi náà wó, òun náà wó.

Ní oṣù keje 2020, wọ́n wọ́ Lun kúrò ní Kaspiysk lọ sí etíkun Derbent, kí àwọn èèyàn lè máa wá wò ó. Ó dúró síbẹ̀ lórí iyanrìn, irin ńlá tí ń wo omi tó ti ń fò lórí rẹ̀ nígbà kan.

Ṣùgbọ́n ìmọ̀ kì í kú. Ní Singapore, wọ́n ti ṣe kékeré tó lè gbé èèyàn mélòó kan. Ní Amẹ́ríkà, iléeṣẹ́ kan tó ń jẹ́ Regent ń dán tirẹ̀ tó ń lo iná mànàmáná wò. Àdán pàápàá ti rí bàbá: láti 2003, òfin àgbáyé lórí ìrìn ọkọ̀ ojú omi ti ka irú ohun bẹ́ẹ̀ kún ọkọ̀ ojú omi. Òfin náà ní kó máa yà fún gbogbo ọkọ̀ yòókù nígbà tó bá ń gbéra, tó bá ń bà, tó bá sì ń fò lẹ́bàá omi. Òfin yẹn ì bá dé nígbà ayé Alekseyev, inú rẹ̀ ì bá dùn.

Ẹ̀yin tí ẹ ní ọmọ iṣẹ́ lọ́dọ̀, ọ̀rọ̀ náà dọwọ́ yín. Bí ọmọ iṣẹ́ bá mú ohun tí ẹnikẹ́ni ò ṣe rí wá, tí kò jọ ti aránṣọ tí kò sì jọ ti ahunṣọ, ẹ má kọ́kọ́ bi í pé ti ta ni. Ẹ bi í pé kí ló lè ṣe. Tí ìrù rẹ̀ bá sì gé lójú ọ̀nà, tó tún gbé e délé, ẹ kí i kú ewu kí ẹ tó bá a wí.

Ojú ewé lẹ́tà ṣí sílẹ̀ fún ẹni tó bá ní èsì. Ó di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ o.